Ohun Tí Ilẹ̀ Rí: Bí Àwọn Awalẹ̀pìtàn Ṣe Ń Ka Àpá Ìgbà Àtijọ́

Ẹni tó bá mọ igbó àti oko tó yí àwọn ìlú Èkìtì ká, láti Ìsinbodè dé Emùré, láti Ìsẹ̀ dé Ìkẹ́rẹ́, mọ̀ pé ibi tí a ń gbé lónìí nìkan kọ́ ni a ti gbé rí. Ogun lé àwọn kan kúrò níbi tí wọ́n tẹ̀dó sí. Àìsàn lé àwọn mìíràn. Nígbà mìíràn omi ló gbẹ, tàbí kí ọ̀rọ̀ oyè di ìjà, kí apá kan ìlú dìde, kí wọ́n lọ tẹ ibòmíràn dó. Nínú àwọn ogun ọ̀rúndún kọkàndínlógún, títí dé ogun Kírìjì tó bẹ̀rẹ̀ ní 1877, tí àwọn ọmọ ogun rẹ̀ kò sì tú ká tán títí di 1893, ọ̀pọ̀ ìlú àti ìletò Èkìtì ló fojú winá. Igbó bo ahoro wọn. Àgbẹ̀ tó bá ń kọ ebè lórí irú ahoro bẹ́ẹ̀ a máa hú àpáàdì jáde, a jù ú sí ẹ̀gbẹ́ kan, a sì bá iṣẹ́ rẹ̀ lọ.

Ó ti wu ọ̀pọ̀ èèyàn kí irú ẹ̀rọ kan wà tí a óò gbé ka orí ilẹ̀, tí yóò sì fi ohun tó ṣẹlẹ̀ níbẹ̀ lẹ́gbẹ̀rún ọdún sẹ́yìn hàn wá bí ẹni ń wo sinimá. Àwọn òǹkọ̀wé ìtàn àròsọ ti fi irú ẹ̀rọ bẹ́ẹ̀ dárà nínú ìwé wọn. Ẹ̀rọ náà kò sí. Àmọ́ iṣẹ́ tó sún mọ́ ọn jù lọ wà, kì í sì í ṣe àròsọ: ìmọ̀ ìwalẹ̀pìtàn ni. Ibi tí èèyàn ti dáná, ibi tó ri òpó sí, ibi tó ń da ilẹ̀ nù sí, gbogbo rẹ̀ ló ń fi àpá sílẹ̀. Awalẹ̀pìtàn ni ẹni tó kọ́ bí a ṣe ń ka àpá yẹn. Mo fẹ́ ṣàlàyé bí wọ́n ṣe ń kà á, torí pé nínú gbogbo àwọn tó lè dáàbò bò ó, àwa tí a ń gbé lórí ilẹ̀ náà, tí a ń fi ọkọ́ àti katakata kàn án lójoojúmọ́, la sún mọ́ ọn jù. Ohun kan sì wà tí mo fẹ́ kí gbogbo wa fi sọ́kàn bí a ṣe ń lọ: ohun tí a bá rí nínú ilẹ̀ kò ní láárí tó bẹ́ẹ̀ láìsí ibi tí a ti rí i. Ibi tó wà, bó ṣe dùbúlẹ̀, àti ohun tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ìyẹn ni ìtàn rẹ̀.

Ojú ilẹ̀ ń sọ̀rọ̀ kí ọkọ́ tó kàn án

Ẹsẹ̀ ni wọ́n fi ń bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ náà. Àwọn awalẹ̀pìtàn a tò lọ́wọ̀ọ́wọ́, wọn a fi àyè díẹ̀ sáàárín ara wọn, wọn a máa rìn díẹ̀díẹ̀ la oko tàbí igbó já, ojú wọn a sì wà nílẹ̀. Ẹni tó bá rí àpáàdì á dúró, á kọ ibi tó ti rí i sílẹ̀. Lónìí, ẹ̀rọ GPS ló ń sọ ibẹ̀ fún un. Tẹ́lẹ̀, okùn àti kọ́ńpáàsì ni. Nígbà tí wọ́n bá da gbogbo àkọsílẹ̀ náà sórí máàpù, á hàn gbangba pé àpáàdì pọ̀ níbì kan ju ibòmíràn lọ, ibẹ̀ ni wọn yóò sì padà sí.

Wọn a tún máa wo igi. Igi osè pọ̀ lórí ahoro Ọ̀yọ́-Ilé, ìlú tí ogun tú ní àárín àwọn ọdún 1830, débi pé ẹni tó mọ ohun tó ń wò lè tòkèèrè mọ ibi táwọn èèyàn ti gbé. Ní ilẹ̀ igbó bíi ti Èkìtì, pèrègún àti àkòko ni kí a máa ṣọ́. Pèrègún kì í to ara rẹ̀ lọ́wọ̀ọ́wọ́. Tí a bá rí i bẹ́ẹ̀ láàárín igbó, ọwọ́ èèyàn ló gbìn ín, láti fi pààlà tàbí láti fi sàmì sí ojúbọ. Ewé àkòko la fi ń joyè, igi rẹ̀ kì í sì í jìnnà sí ibi tí ọba àti ìjòyè wà.

Ilé alámọ̀ tó wó kì í lọ tán. Òjò á wó ògiri rẹ̀ palẹ̀, á di òkìtì pẹlẹbẹ tí koríko bò, kòtò tí wọ́n ti po amọ̀ rẹ̀ á sì wà nítòsí. Ààtàn náà ń fi ara rẹ̀ hàn: ilẹ̀ rẹ̀ dúdú, ohun ọ̀gbìn orí rẹ̀ sì ń tutù yọ̀yọ̀ ju ti ìyókù oko lọ. Eérú, egungun, ìgbẹ́ ẹran àti àjẹkù oúnjẹ ló sọ ọ́ di bẹ́ẹ̀, wọ́n sì ń fi èròjà kan tó ń jẹ́ fọ́sífọ́rọ́ọ̀sì sínú ilẹ̀, èyí tí kì í tètè kúrò. Awalẹ̀pìtàn lè bu erùpẹ̀ díẹ̀ káàkiri, kó fi àyẹ̀wò mọ ibi tí fọ́sífọ́rọ́ọ̀sì ti pọ̀ jù, kó sì tipa bẹ́ẹ̀ mọ ibi tí èèyàn àti ẹran ọ̀sìn ti pọ̀, bí kò tilẹ̀ sí ohun kan tí ojú rí.

Èkìtì sì jẹ́ ilẹ̀ àpáta. A mọ Olósùnta àti Orólé ní Ìkẹ́rẹ́ bí ẹni mowó, àmọ́ àpáta pẹlẹbẹ tó yọrí láàárín oko náà yẹ fún àfiyèsí. Lórí irú àpáta bẹ́ẹ̀ káàkiri ilẹ̀ Yorùbá ni a ti ń rí ojú ọlọ tí wọ́n lò títí àpáta fi jẹ wọnú. Fi ọwọ́ pa á wò. Inú rẹ̀ jọ̀lọ̀ ju ojú àpáta tó yí i ká lọ. Ó gùn ju bó ṣe fẹ̀ lọ, torí pé ẹni tó kúnlẹ̀ síbẹ̀ ń ti ọmọ ọlọ síwájú, ó ń fà á sẹ́yìn. Láti ojú ihò náà a lè mọ ibi tó kúnlẹ̀ sí àti ibi tó kọjú sí. Bí ihò bẹ́ẹ̀ bá tó márùn-ún tàbí mẹ́fà lórí àpáta kan tí kò sí ilé nítòsí rẹ̀ mọ́, àwọn obìnrin ti kúnlẹ̀ síbẹ̀ pọ̀ rí, wọ́n ti lọ oúnjẹ ilé wọn níbẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún.

Ìdàrọ́ náà wà, ẹ̀gbin tó ń ṣàn jáde nígbà tí wọ́n bá ń fi iná yọ irin lára òkúta. Ó dúdú, ó wúwo, ihò kéékèèké sì wà lára rẹ̀. Ikán kì í jẹ ẹ́, òjò kì í fọ̀ ọ́ lọ. Ibi tí òkìtì ìdàrọ́ bá wà, àwọn tó ń yọ irin ti ṣiṣẹ́ níbẹ̀. Àgbẹ̀ a sì tún máa rí òkúta tó dán, tí wọ́n gbẹ́ ní ìrísí àáké, èyí tí a mọ̀ sí ẹdùn àrá, tí a sì ń gbé lọ síwájú Ṣàngó. Awalẹ̀pìtàn tó bá gbé e sọ́wọ́ á rí àpá ibi tí wọ́n ti fi omi àti yanrìn lọ̀ ọ́: àáké àwọn tó gbé lórí ilẹ̀ yìí kí irin tó dé ni. Ọ̀wọ̀ tí a ń bù fún un ti ṣe ìmọ̀ lóore, torí ojúbọ ti pa ọ̀pọ̀ nínú wọn mọ́ tí à bá ti jù nù. Ohun tó sọnù ni ibi tí a ti hú u jáde. Nígbà tí ẹdùn àrá bá ti kúrò nínú oko tí kò sì sí ẹni tó rántí oko náà mọ́, a ṣì lè sọ pé àáké ni, àmọ́ a kò lè sọ ti àwọn wo.

Híha ilẹ̀, ìpele sí ìpele

Nígbà tí wọ́n bá ti mú ibì kan, wọn a kan èèkàn mọ́lẹ̀, wọn a na okùn, wọn a pín ilẹ̀ náà sí igun mẹ́rin mẹ́rin tó dọ́gba. Igun kọ̀ọ̀kan ní àmì tirẹ̀. Irinṣẹ́ tí bíríkìlà fi ń rẹ́ ilé ni wọ́n fi ń ha ilẹ̀, pẹ̀lú búrọ́ọ̀ṣì nígbà tí wọ́n bá sún mọ́ ohun ẹlẹgẹ́. Gbogbo erùpẹ̀ tó bá jáde á gba inú ajọ̀ kọjá, torí ìlẹ̀kẹ̀ tó kéré ju hóró ìrẹsì lọ lè wà nínú rẹ̀. Wọn a fi omi san apá kan erùpẹ̀ náà, kí hóró irúgbìn tó ti jóná lè léfòó sókè. Ohun tí wọ́n bá rí, inú àpò ló ń bọ́ sí, wọn a kọ igun, ìpele àti ọjọ́ sára àpò náà. Lẹ́yìn èyí ni wọ́n á ya ògiri kòtò náà sórí ìwé, pẹ̀lú àwọ̀ ilẹ̀ kọ̀ọ̀kan.

Ìdí tí wọ́n fi ń ṣe gbogbo èyí ni pé ilẹ̀ tí èèyàn ti gbé rí dà bí ẹní tí a tẹ́ léra wọn: èyí tó wà nísàlẹ̀ pátápátá la kọ́kọ́ tẹ́. Ohun tó bá wà ní ìpele kan náà sábà máa ń jẹ́ ti ìgbà kan náà. Àmọ́ èèyàn a máa gbẹ́ kòtò, òkété a máa gbẹ́ ihò, gbòǹgbò igi a sì máa fa nǹkan lọ sísàlẹ̀. Bí kòtò ààtàn ti ìgbà bàbá wa bá gé ìpele àtijọ́ kọjá, bọ́tìnì àná lè sùn jìn ju ìkòkò tó ti tó 600 ọdún lọ. Àwọ̀ ilẹ̀ ló ń tú irú àṣírí bẹ́ẹ̀, nítorí erùpẹ̀ tó kún kòtò kì í rí bí èyí tó yí i ká.

Ẹ wo bí èyí ṣe ń lọ. Òpó igi kan gbé òrùlé ró ní 500 ọdún sẹ́yìn. Igi náà ti jẹrà, ikán ti jẹ ẹ́ tán. Ṣùgbọ́n ihò tí wọ́n ri òpó náà sí ti kún fún erùpẹ̀ mìíràn, tó dúdú, tó sì rọ̀ ju ilẹ̀ pupa tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Bí awalẹ̀pìtàn bá ha ojú ilẹ̀ náà tó tẹ́jú, tó sì wọ́n omi díẹ̀ sí i, òbìrìkìtì dúdú kan á yọ nínú ilẹ̀ pupa. Ó ha síwájú, òmíràn tún yọ. Ẹ̀kẹta tẹ̀lé e. Nígbà tó bá so wọ́n pọ̀ lórí ìwé, ọ̀dẹ̀dẹ̀ kan ti jáde: ó mọ ibi tí ilé náà gùn dé, ó mọ ibi tí ẹnu ọ̀nà wà. Ilẹ̀ tó pọ́n, tó sì gan níbì kan á fi ibi tí wọ́n ń dáná hàn án, eérú á sì wà lórí rẹ̀. Ṣọ́bìrì kan tó bá sáré kọjá níbẹ̀ á pa gbogbo ilé náà rẹ́ ní ìṣẹ́jú kan, ẹni tó mú un lọ́wọ́ kò sì ní mọ̀ pé òun wó ilé.

Kì í ṣe gbogbo nǹkan ni ilẹ̀ wa ń tọ́jú. Ilẹ̀ tí òjò ń wẹ̀ lọ́dọọdún a máa kan, a sì máa jẹ egungun, aṣọ, awọ àti igi tán. Àpáàdì, òkúta, èédú, ìdàrọ́ àti ìlẹ̀kẹ̀ ló sábà máa ń ṣẹ́ kù. Ìdí nìyẹn tí ohun tí wọ́n rí ní Ihò Eléérú fi jẹ́ ìyanu. Ihò àpáta náà wà nítòsí Ìsarun, kò jìnnà sí Àkúrẹ́. Ní 1965, Thurstan Shaw, ọ̀jọ̀gbọ́n ní University of Ibadan, àti àwọn tó ń bá a ṣiṣẹ́ gbẹ́ ilẹ̀ abẹ́ rẹ̀. Òkúta tí èèyàn ti fọwọ́ gbẹ́, tí wọ́n rí níbẹ̀, lé ní ìdajì mílíọ̀nù. Nísàlẹ̀, wọ́n rí egungun èèyàn kan pẹ̀lú agbárí rẹ̀, èédú tó wà nítòsí sì fi hàn pé ó ti lé ní 11,000 ọdún. Ní 2011, Katerina Harvati, Caleb Fọlọ́runṣọ́ ti Ibadan àti àwọn ẹlẹgbẹ́ wọn tún agbárí náà yẹ̀ wò. Wọ́n rí i pé ọjọ́ orí rẹ̀ wà láàárín nǹkan bí 11,700 sí 16,300 ọdún, àti pé ìrísí rẹ̀ jọ ti àwọn èèyàn tó ti gbé ayé pẹ́pẹ́pẹ́ ṣáájú ìgbà náà. Ọdún 46 ló wà láàárín iṣẹ́ méjèèjì. Ohun tó jẹ́ kí ti ẹ̀ẹ̀kejì ṣeé ṣe ni pé àwọn ti ẹ̀ẹ̀kíní kọ ibi tí egungun náà sùn sí sílẹ̀, pẹ̀lú ohun tó wà lókè rẹ̀ àti ohun tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

Bí wọ́n ṣe ń mọ ọjọ́ orí

Èédú tí ìyá kan fi se ọbẹ̀ tó sì gbàgbé sídìí ààrò lè sọ ìgbà tó dáná. Gbogbo ohun ẹlẹ́mìí, igi àti ewéko pẹ̀lú, ló ń gba kábọ́ọ̀nù sára. Ìwọ̀nba díẹ̀ nínú rẹ̀ ni kábọ́ọ̀nù 14, irú kan tó máa ń bàjẹ́ fúnra rẹ̀. Ọjọ́ tí wọ́n bá gé igi ni kò ní gba tuntun mọ́, èyí tó wà lára rẹ̀ á sì máa dín kù. Lẹ́yìn nǹkan bí 5,730 ọdún, ìdajì ló máa ṣẹ́ kù. Lẹ́yìn iye ọdún kan náà sí i, ìdajì ìyẹn. Ẹni tó bá wọn iye tó kù á lè ṣírò ọdún tó ti kọjá. Willard Libby ará Amẹ́ríkà àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ló ṣàwárí ọ̀nà yìí ní ìparí àwọn ọdún 1940, ó sì gba ẹ̀bùn Nobel nítorí rẹ̀ ní 1960. Ọ̀nà náà kì í lè kọjá nǹkan bí 50,000 ọdún. Bí wọ́n bá sì fi igi tó ti gbó kó tó kú dáná, ọjọ́ orí igi ni wọn yóò rí, kì í ṣe ti oúnjẹ tí wọ́n fi sè. Ìdí rèé tí awalẹ̀pìtàn fi máa ń wá ohun tí kì í pẹ́ láyé, bí èkùrọ́ tàbí hóró àgbàdo tó jóná.

Ìkòkò ní ọ̀nà tirẹ̀. Amọ̀ tó wà nínú ilẹ̀ ń gba agbára díẹ̀díẹ̀ láti ara òkúta àti erùpẹ̀ tó yí i ká. Nígbà tí amọ̀kòkò bá fi iná sun ún, agbára yẹn á jáde tán, kíkà á sì bẹ̀rẹ̀ látọ̀tun. Tí wọ́n bá tún mú un gbóná nínú yàrá àyẹ̀wò lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún, ohun tó ti gbà láti ọjọ́ náà á jáde bí ìmọ́lẹ̀ bíńtín, ẹ̀rọ á sì wọn ìmọ́lẹ̀ náà.

Ọnà ara ìkòkò pàápàá ń sọ̀rọ̀. Àwọn amọ̀kòkò wa máa ń yí okùn tí wọ́n lọ́, tàbí igi kékeré tí wọ́n fín, kọjá lára amọ̀ tútù kí wọ́n tó sun ún. Ọnà náà ń yí padà láti ìgbà dé ìgbà àti láti agbègbè dé agbègbè. Ẹni tó bá ti rí ẹgbẹẹgbẹ̀rún irú rẹ̀, tó sì mọ ìpele tí ọ̀kọ̀ọ̀kan ti jáde, lè wo àpáàdì kan tí ojú òjò fọ̀ síta lójú ọ̀nà oko, kó sì sọ àsìkò tó ṣeé ṣe kí wọ́n mọ ọ́n.

Àpá tí ojú lásán kò lè rí

Nínú ohun tí ìmọ̀ yìí ti gbé ṣe ní ilẹ̀ Nàìjíríà, èyí tó jọ mí lójú jù ni ti oyin. Àwọn ará Nok, ní apá àríwá, mọ ìkòkò ní nǹkan bí 3,500 ọdún sẹ́yìn. Amọ̀ ní ihò kéékèèké, ọ̀rá ohun tí wọ́n sè nínú rẹ̀ a sì máa wọnú ihò náà lọ. Ní 2021, àwọn onímọ̀ láti yunifásítì Bristol àti ti Frankfurt tẹ àbájáde iṣẹ́ wọn jáde: nínú àwọn àpáàdì Nok tí ọ̀rá ṣì ṣẹ́ kù lára wọn, nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́ta ló ní ìda oyin. Ìkòkò ti fọ́, ilé ti wó, orúkọ tí wọ́n ń pe ara wọn ti lọ, síbẹ̀ a mọ̀ pé wọ́n wọ igbó lọ fín oyin, wọ́n sì gbé e délé.

Ọ̀jọ̀gbọ́n Margaret Adébísí Sówùnmí ti University of Ibadan wá tirẹ̀ nínú lẹ́búlẹ́bú òdòdó. Lẹ́búlẹ́bú yìí kéré débi pé ẹ̀rọ amóhun-tóbi nìkan ló lè fi í hàn, àmọ́ èèpo rẹ̀ le gan-an, ó sì lè wà nínú ẹrẹ̀ fún ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọdún. Irú igi kọ̀ọ̀kan ní ìrísí tirẹ̀. Nínú ẹrẹ̀ tí wọ́n fà jáde ní ìpele ní ìpele láti agbègbè Niger Delta, ó rí i pé lẹ́búlẹ́bú ọ̀pẹ ṣàdédé pọ̀ sí i ní nǹkan bí 2,800 ọdún sẹ́yìn. Àlàyé tó ṣe ni pé èèyàn ti bẹ̀rẹ̀ sí í pa igbó, wọ́n sì ń dá ọ̀pẹ sí. Àgbẹ̀ Èkìtì tó bá ń ṣán oko lónìí, tó yọ ọ̀pẹ sílẹ̀, ń ṣe ohun tí wọ́n ti ń ṣe láti ìgbà náà.

Ní Ilé-Ifẹ̀, igbó Olókun ni irú àpá bẹ́ẹ̀ ti jáde. Ó pẹ́ tí àwọn kan ti gbà pé ìlẹ̀kẹ̀ gíláàsì tó ń jáde níbẹ̀ ti òkè òkun wá, pé ńṣe ni àwọn baba wa kàn tún un yọ́. Awalẹ̀pìtàn Abídèmí Babalọlá gbẹ́ ilẹ̀ níbẹ̀ láàárín 2010 sí 2012. Ìlẹ̀kẹ̀ tó rí lé ní 12,000, pẹ̀lú ọgọ́rọ̀ọ̀rún àfọ́kù ìkòkò tí wọ́n fi ń yọ́ gíláàsì. Nígbà tí wọ́n yẹ èròjà ara gíláàsì náà wò, ìwọ̀n kálísíọ̀mù àti alumíníọ̀mù inú rẹ̀ ga ní ọ̀nà tí kò bá ti Íńdíà, ti ilẹ̀ Lárúbáwá tàbí ti Yúróòpù mu. Ilé-Ifẹ̀ ni wọ́n ti ṣe é, láti ọ̀rúndún kọkànlá sí ìkẹẹ̀ẹ́dógún, láti inú ohun tó wà ní àyíká wọn. Àfọ́kù ìkòkò tí ẹlòmíràn ì bá jù nù ló dá ẹ̀tọ́ àwọn oníṣẹ́ ọnà wa padà fún wọn.

Ìtàn ẹnu àti ìtàn ilẹ̀

Àwọn kan lè béèrè pé: ṣé ìtàn tí àwọn àgbà ń pa kò tó ni? Ó tó fún ohun púpọ̀. Kò sí awalẹ̀pìtàn tó mọṣẹ́ tí kì í kọ́kọ́ lọ kí ọba àti àwọn ìjòyè, tí kì í jókòó ti àwọn ìyá àgbà, kó tó na okùn. Àwọn ni wọ́n ń sọ ibi tí ahoro wà, orúkọ tó ń jẹ́, agbo ilé tó kúrò níbẹ̀ àti ojúbọ tí ẹnikẹ́ni kò gbọ́dọ̀ tẹ̀ mọ́lẹ̀.

Síbẹ̀, ìtàn tí èèyàn mọ̀ọ́mọ̀ tọ́jú ní ohun tó fẹ́ ká rántí. Ọlọ́wẹ̀, àgbà gbẹ́nàgbẹ́nà Ìsẹ̀ tó kú ní 1938, gbẹ́ ìlẹ̀kùn fún ààfin Ògògà ti Ìkẹ́rẹ́. Ó fín in síbẹ̀ bí ọba ṣe ń gba àjèjì lálejò: Ambrose, aṣojú ìjọba Gẹ̀ẹ́sì, tí àwọn arẹrù gbé wá. Ìlẹ̀kùn náà wà ní British Museum ní Lọ́ńdọ̀nù láti 1924. Ẹ̀rí ńlá ni, ó sì jẹ́ ẹ̀rí tí ààfin fẹ́ kí gbogbo ayé rí. Ohun tí àwọn arẹrù náà jẹ lọ́jọ́ yẹn kò sí lára rẹ̀, ìkòkò tí wọ́n fi sè é kò sí níbẹ̀. Ààtàn ni irú ìyẹn ń lọ. Ẹni tó ń da ilẹ̀ nù kì í ro ẹni tí yóò kà á lẹ́yìn ọ̀la, torí bẹ́ẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ààtàn fi ń gba ti ìwọ̀fà àti ti ọmọ ọba rò bákan náà. Àwọn tí oríkì kò kàn, ilẹ̀ nìkan ló ń rántí wọn.

Ìtàn méjèèjì ń ran ara wọn lọ́wọ́. Àwọn Ìjẹ̀bú ti ń sọ ọ́ tipẹ́ pé obìnrin ọlọ́rọ̀ kan, Súngbọ́, ló ní kí wọ́n gbẹ́ yàrà ńlá tó wà nínú igbó wọn. Nígbà tí awalẹ̀pìtàn Patrick Darling rìn ín, tó sì wọ̀n ọ́n, yíyí rẹ̀ ká tó nǹkan bí 160 kìlómítà, ó sì jìn tó 20 mítà níbòmíràn. Ẹnu àwọn àgbà ló tọ́ka sí yàrà náà. Okùn ìwọ̀n ló jẹ́ kí ayé gbà pé iṣẹ́ tó tóbi tó bẹ́ẹ̀ ti ọwọ́ wa jáde.

Ohun tó ń pa àpá náà rẹ́

Ní 1938, àwọn tó ń gbẹ́ ìpìlẹ̀ ilé ní agbo ilé Wúnmọníjẹ̀ ní Ilé-Ifẹ̀ kan àwọn orí idẹ tí gbogbo ayé ń yìn lónìí. Iyì àwọn orí náà kò ṣeé fẹnu sọ. Àmọ́ kò sí awalẹ̀pìtàn níbẹ̀. Wọ́n gbé wọn jáde, àwọn kan kúrò nílùú, ọ̀kan sì ṣì wà ní British Museum. Ìpele tí wọ́n sùn sí, bí wọ́n ṣe tò tira wọn, èédú tó lè wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn, gbogbo rẹ̀ lọ pẹ̀lú erùpẹ̀ tí wọ́n kó dànù. Ní November 1957, àwọn òṣìṣẹ́ tó ń tẹ́ ilẹ̀ fún ilé ní Ìta Yemòó tún kan ère idẹ, irinṣẹ́ wọn sì ba àwọn kan jẹ́. Lọ́tẹ̀ yìí, wọ́n dáwọ́ dúró. Awalẹ̀pìtàn Frank Willett wá gbẹ́ ìyókù bó ṣe yẹ, ó sì rí ilẹ̀ tí wọ́n fi àpáàdì tẹ́, tí wọ́n to àpáàdì náà ní òòró lọ́kọ̀ọ̀kan, pẹ̀lú ibi ìrúbọ. Ibẹ̀ náà ni Gérard Chouin àti Adisa Ògúnfọlákàn padà sí láti 2015 láti wá ohun tí ìmọ̀ ìgbà yẹn kò lè rí. Ibì kan fún wa ní ohun ẹlẹ́wà. Ìkejì fún wa ní ohun ẹlẹ́wà pẹ̀lú ìtàn rẹ̀. Dídáwọ́ dúró ló mú ìyàtọ̀ náà wá.

Ilẹ̀ tí wọ́n fi àpáàdì tẹ́ kò mọ sí Ilé-Ifẹ̀ nìkan. Wọ́n ti rí i ní Èkìtì wa níbí, ní Ìfàkì àti ní Ìtàjí. Kò sí ìdí tí ìlú Èkìtì mìíràn, Ìsinbodè pẹ̀lú, kò fi ní máa ṣọ́ ohun tó ń jáde bó bá ń gbẹ́ ìpìlẹ̀, bó bá ń gbẹ́ kànga, bí katakata bá ń la ọ̀nà tuntun, tàbí bí àwọn tó ń fọ́ òkúta bá dé ibi àpáta tó ní ojú ọlọ. Òfin tó dá àjọ tó ń bójú tó musíọ́mù àti ohun ìrántí orílẹ̀-èdè wa sílẹ̀ ní 1979 sọ pé kí ẹni tó bá rí irú nǹkan bẹ́ẹ̀ fi tó ìjọba létí, pé ẹnikẹ́ni kò sì gbọ́dọ̀ máa wú u jáde láìgba ìwé àṣẹ.

Ohun tó yẹ kí á ṣe kò le. Bí ọkọ́ bá kan àpáàdì tó pọ̀, ilẹ̀ tó dúdú ní òbìrìkìtì, ìlẹ̀kẹ̀, ère tàbí egungun, ká dá iṣẹ́ dúró níbẹ̀. Ká má fà á yọ, ká má fọ̀ ọ́, torí ohun tí à ń fọ̀ kúrò lè jẹ́ ẹ̀rí. Ká ya fọ́tò rẹ̀ níbi tó wà, ká gbé ìwé tàbí igi tí a mọ gígùn rẹ̀ tì í kí títóbi rẹ̀ lè hàn, ká kọ jíjìn rẹ̀ sílẹ̀, ká sì ránṣẹ́ sí ààfin, sí ìjọba ìbílẹ̀, sí musíọ́mù tàbí sí yunifásítì tí wọ́n ti ń kọ́ni ní ìmọ̀ yìí. Àwọn awalẹ̀pìtàn tó mọṣẹ́ kì í gbẹ́ gbogbo ibì kan tán. Wọ́n máa ń fi apá kan sílẹ̀ fún àwọn tí irinṣẹ́ wọn yóò dára ju tiwọn lọ.

Àwọn olùkọ́ wa sì lè bẹ̀rẹ̀ láìná kọ́bọ̀. Kí wọ́n ní kí akẹ́kọ̀ọ́ kọ̀ọ̀kan lọ béèrè lọ́wọ́ àwọn àgbà ilé rẹ̀ orúkọ ahoro tí wọ́n mọ̀, ìdí tí wọ́n fi kúrò níbẹ̀, igi tó wà níbẹ̀ àti àpáta tó ní ojú ọlọ. Kí wọ́n kó gbogbo rẹ̀ jọ sínú ìwé kan, kí wọ́n sì ya máàpù rẹ̀. Ìlú tó bá ní irú ìwé bẹ́ẹ̀ á mọ ibi tí katakata kò gbọ́dọ̀ kàn kí ẹnì kan tó wá wò ó. Àwọn tó mọ orúkọ ahoro wọ̀nyí ń dàgbà, ìpìlẹ̀ ilé tuntun sì ń pọ̀ sí i lọ́dọọdún. Ọdún yìí ló yẹ kí a kọ ìwé náà.